Ìwọ́de lórí ilé, ilẹ̀ àti ọlọ́pàá n'Ìbàdàn: ohun tí ẹ máa ń bi wá

Láti ìgbà tí àwa mélòó kan ti ń bá àwọn ará àdúgbò dá sí ọ̀rọ̀ ilé wíwó àti àwọn ayálégbé tí wọ́n ń lé jáde, ìbéèrè kan náà ló máa ń padà wá. Ẹlòmíràn á pè ní aago mọ́kànlá òru, ohùn rẹ̀ á ti há. Mo wá kó wọn jọ síbí kí ẹ lè rí wọn kà kí ọ̀rọ̀ tó dójú ẹ̀. Èmi kì í ṣe lọ́yà. Àwọn lọ́yà ló máa ń bá wa yẹ apá òfin wò, ìrírí ojú pópó ni tiwa.

Ọ̀rọ̀ ilé lẹ ń sọ, kí ló wá kan ọlọ́pàá níbẹ̀?

Ẹni tó bá ti rí i tí wọ́n ń wó ilé rí kò ní béèrè. Katapílà kì í dá wá. Ọkọ̀ ọlọ́pàá ló máa ń ṣíwájú rẹ̀, òmíràn á tún tẹ̀ lé e. Òṣìṣẹ́ ìjọba tó fọwọ́ sí ìwé wíwó ilé wà ní ọ́fíìsì rẹ̀. Dírẹ́bà katapílà á ní iṣẹ́ lòun wá ṣe. Ẹni tí ẹ̀yin àti ẹ̀ máa kojú ara yín ni ọmọ ọdún mẹ́rìnlélógún kan tó gbé ìbọn kọ́ èjìká, tí òun náà ń sanwó yàrá kan níbòmíràn.

Ti ayálégbé tún wà níbẹ̀. N'Ìbàdàn yìí, tí lanlọ́ọ̀dù bá bínú, téṣàn ló kọ́kọ́ ń sáré lọ, kò ní ya kọ́ọ̀tù. Ìdí nìyẹn tí a ò fi lè ya ọ̀rọ̀ méjèèjì sọ́tọ̀.

Ṣé dandan ni ká gba àṣẹ lọ́wọ́ ọlọ́pàá ká tó wọ́de?

Rárá. Abala 40 nínú ìwé òfin orílẹ̀-èdè ti 1999 fún wa lẹ́tọ̀ọ́ láti péjọ ní ìrọ̀wọ́rọsẹ̀. Lọ́dún 2007, Kọ́ọ̀tù Kò-tẹ́-mi-lọ́rùn dá ẹjọ́ kan láàárín ọ̀gá àgbà ọlọ́pàá àti ẹgbẹ́ òṣèlú ANPP, ó ní kò sí ẹni tó gbọ́dọ̀ máa tọrọ ìwé àṣẹ lọ́wọ́ ọlọ́pàá kó tó lè wọ́de. Òfin Ọlọ́pàá ti 2020 wá fi tirẹ̀ kún un ní abala 83: tí ẹ bá ti fi tó wọn létí pé ẹ fẹ́ wọ́de, ojúṣe wọn ni láti kó èèyàn wá dáàbò bò yín.

Ẹ kíyè sí i, ìfitónilétí lòfin sọ, kò sọ ẹ̀bẹ̀. Nítorí náà, tí ẹ bá ń kọ lẹ́tà, ẹ má kọ “a tọrọ àyè.” Ẹ kọ ọ́ pé “à ń fi tó yín létí pé ní ọjọ́ báyìí, ní aago báyìí, a ó gba ibi báyìí kọjá.” Ẹ tẹ̀ ẹ́ ní ẹ̀dà mẹ́ta. Ẹ mú ọ̀kan lọ fún dìpíò, ìyẹn ọ̀gá téṣàn àdúgbò yín, ẹ mú ìkejì lọ sí olú iléeṣẹ́ wọn ní Ẹléyẹlé, kí ẹ sì rí i pé wọ́n lu òǹtẹ̀ mọ́ ìkẹta tó máa wà lọ́wọ́ yín.

Òǹtẹ̀ yẹn ló máa ń ṣòro. Ìgbà kan wà tí a jókòó sórí bẹ́ǹṣì ní téṣàn kan láti aago mẹ́sàn-án títí tí oòrùn fi kan àtàrí. Ọ̀gá tó wà lórí káńtà ní òun ò lè gba lẹ́tà torí pé ọ̀gá òun àgbà ò sí nílé. A ò bá a jà. Nígbà tí wọ́n pààrọ̀ iṣẹ́ lọ́sàn-án, obìnrin kan dé, ó ka lẹ́tà náà lẹ́ẹ̀mejì, ó ní “àbí kí ló burú nínú èyí?”, ó lu òǹtẹ̀. Ẹ gbé omi àti súùrù dání.

Ibo ló yẹ ká wọ́de lọ?

Ẹni tó lè fọwọ́ sí ohun tí ẹ ń bèèrè ni kẹ́ ẹ lọ bá. Èyí ṣe kókó, àwọn èèyàn kì í sì í rò ó. Mọ́kọ́lá lará máa ń yá gbogbo wa láti lọ, torí pé oríta tí gbogbo ayé ń rí ni, tẹlifíṣọ̀n náà sì máa ń tètè débẹ̀. Ṣùgbọ́n ta ló wà lábẹ́ bíríìjì Mọ́kọ́lá tó lè dá katapílà dúró? Àwọn tí ẹ máa dí lọ́nà níbẹ̀ ni ìyá tó ń ta ọsàn, ọlọ́kadà àti ẹni tó ń gbé aláìsàn lọ sí UCH.

Tó bá jẹ́ ìjọba ìpínlẹ̀ ló fẹ́ wó ilé yín, ẹnu géètì Sẹkitéríàtì ní Agodi ni ọ̀nà yín, ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin náà ò jìnnà síbẹ̀. Tó bá jẹ́ ìjọba ìbílẹ̀ ni, ọ́fíìsì alága ni. Tó bá jẹ́ ọlọ́pàá ló ṣe yín léṣe, Ẹléyẹlé ni. Àwọn tí ilẹ̀ wọn bọ́ sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà Circular Road, ọ̀nà tí wọ́n ní yóò yí Ìbàdàn ká ní kìlómítà 110, ti jáde láti fẹ̀hónú hàn lórí bí ìjọba ṣe ń gba ilẹ̀ lọ́wọ́ wọn. Ohun tí àwọn tọ́rọ̀ kàn níbẹ̀ máa ń kọ́kọ́ tẹ́ síwájú ni ìwé súfè ilẹ̀ àti ríṣíìtì. Bó ṣe yẹ kó rí nìyẹn.

Wọ́n ti fi ọ̀dà pupa kọ X sára ilé wa. Kí la máa ṣe?

Ẹ má fọ̀ ọ́ kúrò. Mo mọ ohun tí mò ń sọ.

Àárọ̀ ọjọ́ Wẹ́sìdeè ni wọ́n kọ ti ilé ìyá mi, lẹ́bàá ìṣàn omi kan tó já sínú odò Ògùnpa. Ọkùnrin mẹ́ta sọ̀ kalẹ̀ nínú bọ́ọ̀sì kékeré. Ọ̀kan gbé agolo ọ̀dà, ọ̀kan mú búrọ́ọ̀ṣì, ẹ̀kẹta ń kọ nọ́ńbà sínú ìwé. Wọn ò kí ẹnikẹ́ni. Màmá ń ṣa ẹ̀wà ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó bi wọ́n pé ta ló rán wọn. Ẹni tó mú búrọ́ọ̀ṣì ní “ìjọba ni, mà,” ó sì bẹ́ sí ẹ̀gbẹ́ kan kí ó má bàa tẹ ẹ̀wà mọ́lẹ̀. Nígbà tí wọ́n lọ tán, Màmá po ọṣẹ, ó mú kànìnkànìn, ó fọ ògiri yẹn títí ìka rẹ̀ fi bó. Ọ̀dà náà ò lọ. Ó kàn ṣàn kálẹ̀ ni, ó dà bí ibi tí wọ́n ti dúńbú ẹran. Ó bá mú kàlẹ́ńdà ìjọ wọn, ó kàn án lé e lórí.

Àṣìṣe tó wà níbẹ̀ ni pé nọ́ńbà tí wọ́n kọ sábẹ́ X yẹn ti parẹ́ kí n tó dé láti ibi iṣẹ́. Nígbà tí a dé ọ́fíìsì tó kàn, ohun àkọ́kọ́ tí wọ́n bi wá ni nọ́ńbà. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta la fi ń wá a nínú ìwé wọn. Nítorí náà, ẹ ya fọ́tò X náà, nọ́ńbà rẹ̀, déètì tó wà níbẹ̀, ilé tó wà lọ́tùn-ún àti lósì, kó tó di pé ẹ bú ẹnikẹ́ni.

Lẹ́yìn náà, ẹ wá ìdí tí wọ́n fi kọ ọ́. Ọ̀tọ̀ ni ilé tí kò ní pílánù tí ìjọba fọwọ́ sí, ọ̀tọ̀ ni ilé tó sún mọ́ odò jù, ọ̀tọ̀ ni èyí tí ọ̀nà ń bọ̀ wá gba ibẹ̀ kọjá. Ìdáhùn wọn ò dọ́gba. Ẹ kọ lẹ́tà láàárín iye ọjọ́ tí ìwé ìkìlọ̀ dá, ẹ bèèrè pé abẹ́ òfin wo ni wọ́n dúró sí, ẹ sì so ẹ̀dà ìwé yín mọ́ ọn. Tí wọn ò bá dáhùn, lọ́yà lè lọ sí kọ́ọ̀tù gba àṣẹ pé kí wọ́n ṣì dá ọwọ́ dúró. Ẹ má dúró de ọjọ́ tí katapílà máa dé. Mo rántí ilé orin Yinka Ayefele tí wọ́n wó lápá kan ní oṣù kẹjọ ọdún 2018: bó ti lókìkí tó, tí ọ̀rọ̀ sì ti wà ní kọ́ọ̀tù, ilẹ̀ ọjọ́ Àìkú ló mọ́ bá a.

Ọ̀rọ̀ kan wà tí ẹlòmíràn nínú wa kì í fẹ́ kí n sọ. Kì í ṣe gbogbo X ni ìrẹ́jẹ. Ẹni tó bá ti gbé Ìbàdàn pẹ́ mọ 31 oṣù kẹjọ ọdún 1980, nígbà tí Ògùnpa kún àkúnya tó gbé ilé tèèyàn-tèèyàn lọ. Ní 26 oṣù kẹjọ ọdún 2011 ó tún ṣẹlẹ̀, ó ju ọgọ́rùn-ún èèyàn lọ tó bá a rìn. Ilé tó jókòó sójú ọ̀nà omi, kò sí ìwọ́de tó lè bá omi sọ̀rọ̀. Ohun tí a lè jà fún níbẹ̀ ni pé kí wọ́n fún èèyàn ní àkókò tó ṣe é kó ẹrù, kí wọ́n wá ibi tí yóò forí pamọ́ sí, kí wọ́n má sì wó ti tálákà kí wọ́n fo ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ọlọ́lá tó wà létí odò kan náà. Tí ẹ bá rí irú ìfòdá bẹ́ẹ̀, ẹ ya fọ́tò rẹ̀ pẹ̀lú.

Ìjọba ní òun gba ilẹ̀ wa fún ọ̀nà. Ṣé wọ́n gbọ́dọ̀ sanwó?

Abala 44 ìwé òfin sọ pé kò sẹ́ni tó gbọ́dọ̀ gba dúkìá ẹni láìsan owó gbà-má-bínú kíákíá. Ibi tó ti ń dun èèyàn ni Òfin Lílo Ilẹ̀ ti 1978: ó fi gbogbo ilẹ̀ ìpínlẹ̀ sí ìkáwọ́ gómìnà, ó sì jẹ́ pé orí ilé, irè oko àti ohun tí ẹ ti ṣe sórí ilẹ̀ ni owó máa ń wà. Ilẹ̀ gbalasa fúnra rẹ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ mówó wá. Ẹni tó ra pulọ́ọ̀tì lọ́wọ́ ọmọ onílẹ̀ pẹ̀lú mílíọ̀nù owó, tí kò tíì fi búlọ́ọ̀kù kan sórí ẹ̀, yóò fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣófo. Àgbẹ̀ tó gbin kòkó síbẹ̀ á rí tirẹ̀ gbà. Ẹ ka igi yín, ẹ ka yàrá yín, kí òṣìṣẹ́ tó wá kà á fún yín.

Lanlọ́ọ̀dù mi mú ọlọ́pàá wá pé kí n kó jáde lónìí. Ṣé wọ́n lè ṣe bẹ́ẹ̀?

Wọn ò lè ṣe é lábẹ́ òfin. Wọ́n ń ṣe é lójoojúmọ́.

Òfin Ọlọ́pàá 2020 sọ ọ́ ketekete ní abala 32 pé wọn kò gbọdọ̀ mú èèyàn nítorí àríyànjiyàn àdéhùn tàbí gbèsè lásán. Owó ilé tí ẹ jẹ kì í ṣe ọ̀ràn ọ̀daràn. Ayálégbé tó ń san owó ọdún kan gbọ́dọ̀ gba ìwé kúìtì oṣù 6, àyàfi tí àdéhùn yín bá sọ ohun mìíràn. Ẹni tó ń san lóṣooṣù, oṣù 1. Tí ọjọ́ ìwé kúìtì bá pé, ìwé ọjọ́ 7 tún ń bọ̀, lẹ́yìn ìyẹn kọ́ọ̀tù. Kọ́ọ̀tù nìkan ló lè ní kí wọ́n kó ẹrù yín síta.

Ká ṣí páànù lórí ayálégbé, ká yọ ilẹ̀kùn, ká gé wáyà iná, gbogbo rẹ̀ lòfin kọ̀. Mo ti rí ibi tí lanlọ́ọ̀dù ti ṣí òrùlé ìyàrá kan ṣoṣo nínú fésìmí-n-fésì-ẹ oníyàrá mẹ́wàá, tí òjò wá pa bẹ́ẹ̀dì ọmọ, tó sì ń sọ pé títún ilé ṣe lòun ń ṣe. Ẹ pe àwọn ará ilé yòókù jáde kí wọ́n wá wò ó. Ojú ẹlẹ́rìí mẹ́sàn-án máa ń mú lanlọ́ọ̀dù rọlẹ̀ ju ariwo lọ.

Tí wọ́n bá mú mi níbi ìwọ́de ńkọ́?

Ẹ má sá, ẹ má bá wọn fà á. Ẹ bèèrè ìdí, torí pé dandan ni kí wọ́n sọ ọ́. Ẹ sọ orúkọ yín, lẹ́yìn náà ẹ ní ẹ kò ní kọ ìwé kankan títí lọ́yà yín tàbí ẹni tí ẹ fọkàn tán yóò fi dé. Abala 35 ìwé òfin orílẹ̀-èdè fún yín lẹ́tọ̀ọ́ láti dákẹ́.

Abala yẹn kan náà ló ní tí kọ́ọ̀tù bá wà láàárín 40 kìlómítà sí ibi tí wọ́n fi yín sí, wọ́n gbọ́dọ̀ gbé yín débẹ̀ láàárín wákàtí 24. N'Ìbàdàn, kò sí téṣàn tó jìnnà tó 40 kìlómítà sí kọ́ọ̀tù. Láti Mọ́níyà dé Ìyàgankú kò tó bẹ́ẹ̀ rárá. Nítorí náà ẹni tó bá ní “ọ̀nà jìn” ń ṣeré ni. Ibi tí wọ́n ti ń ta ọgbọ́n jù ni ọjọ́ Jímọ̀: tí wọ́n bá mú èèyàn ní aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ Jímọ̀, ó di Mọ́ńdè. Àwa kì í wọ́de ní Jímọ̀ mọ́.

Kí ẹ tó kúrò nílé, ẹ kọ nọ́ńbà fóònù ẹnìkan sápá yín. Fóònù ni wọ́n kọ́kọ́ ń gbà. Kí ẹnìkan wà nílé tí kò bá yín lọ, tó ní orúkọ gbogbo yín lọ́wọ́. Ìgbìmọ̀ Ìrànwọ́ Òfin ti ìjọba àpapọ̀ máa ń ṣojú fún ẹni tí kò lówó lọ́yà.

Wọn ò rí mi mú, wọ́n wá mú ìyá mi.

Òfin kọ̀ ọ́ pátápátá. Abala 7 nínú òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀ràn ti 2015 ní wọn kò gbọdọ̀ mú ẹnìkan dípò ẹlòmíràn.

Ṣé lóòótọ́ ni pé bẹ́ìlì ò lówó?

Ọ̀fẹ́ ni. Wọ́n kọ ọ́ sára ògiri téṣàn. Abẹ́ ibi tí wọ́n kọ ọ́ sí náà ni wọn yóò ti bèèrè owó bírò.

Ọmọ Togo ni mí, mo ń gbé Ẹkọtẹdó. Aládùúgbò mi sì sá wá láti Borno. Ṣé àwa náà lè jáde?

Ìbéèrè yìí máa ń wù mí láti dáhùn. Nínú oríkì Ìbàdàn a máa ń gbọ́ pé “Ìbàdàn kì í gbe onílé bí àjèjì.” Ìlú ogunléńdé ni láti ìbẹ̀rẹ̀: ní nǹkan bí 1829, àwọn jagunjagun Ifẹ̀, Ìjẹ̀bú, Ọ̀yọ́ àti Ẹ̀gbá tí wọ́n jọ jà níbi ogun Òwu, pẹ̀lú àwọn tí ogun lé kúrò lókè lọ́hùn-ún, ni wọ́n tẹ̀dó síbí. Sábó, àdúgbò àwọn Hausa, ti wà láti 1916. Ẹni tó bá sọ fún yín pé “ẹ̀yin àjèjì,” ẹ bi í pé ìdílé tirẹ̀ wá láti ibo.

Ẹ jẹ́ ká wá sọ ti òfin. Ẹni tó wá láti Borno kì í ṣe ogunléńdé lójú òfin àgbáyé, torí kò kọjá ẹnubodè. Ọmọ orílẹ̀-èdè tó ṣí kúrò nílé ni, gbogbo ẹ̀tọ́ tí ọmọ Ìbàdàn ní ló ní. Lọ́dún 2012 Nàìjíríà fọwọ́ sí àdéhùn Kampala tí àwọn orílẹ̀-èdè Áfíríkà ṣe ní 2009 lórí irú wọn. A ò ní láti wo Borno nìkan. Nígbà tí ìjà bẹ́ lọ́jà Ṣáṣá ní oṣù kejì ọdún 2021, inú Ìbàdàn níbí ni èèyàn ti sá fi ilé sílẹ̀. Nígbà tí nǹkan bú gbàmù ní Bódìjà lálẹ́ 16 oṣù kìíní ọdún 2024, àwọn tó ń gbé nínú ilé olówó iyebíye sùn sí ilé ìbátan.

Ní ti ọmọ Togo: abala 40 lórí ìpéjọpọ̀ àti abala 35 lórí òmìnira ara kò sọ “ọmọ Nàìjíríà.” “Gbogbo èèyàn” ni wọ́n sọ. Abala 43 lórí níní ilé àti ilẹ̀ ló dárúkọ ọmọ orílẹ̀-èdè. Ẹ lè jáde nígbà náà. Ṣùgbọ́n mi ò ní tàn yín: tí wọ́n bá mú yín, ọ̀rọ̀ lè kúrò lọ́wọ́ ọlọ́pàá bọ́ sọ́wọ́ ìmígírésọ̀n. Àdéhùn ECOWAS ti 1979 fún yín ní 90 ọjọ́ láìsí físà, lẹ́yìn ìyẹn ó yẹ kí ìwé ìgbélùú wà. Ẹ mú fọ́tòkópì ìwé yín dání, kí ojúlówó wà nílé. Ẹni tó bá gba káàdì ogunléńdé lọ́dọ̀ iléeṣẹ́ ìjọba tí wọ́n dá sílẹ̀ fún ọ̀rọ̀ ogunléńdé ní 1989, wọn kò gbọdọ̀ dá a padà síbi tí ikú ti ń lé e.

Tí àwọn ọmọ ìta bá já wọ àárín wa ńkọ́?

Wọ́n á wá. Ẹ dá aago tí ẹ máa parí sílẹ̀, ẹ kọ ọ́ sínú lẹ́tà, kí ẹ sì túká ní aago yẹn gan-an, bí ó tilẹ̀ dùn. Lẹ́yìn tí ẹ bá ti túká, ohun tó bá ṣẹlẹ̀ kì í ṣe tiyín, ẹ̀dà lẹ́tà olóǹtẹ̀ yẹn ni yóò sọ bẹ́ẹ̀. A tún máa ń fi àwọn ìyá àgbà síwájú. Ẹnìkan ní ọgbọ́n ẹ̀wẹ́ ni. Bẹ́ẹ̀ ni, ọgbọ́n ni.

Wọ́n yin tíágáàsì. Kí ni kí n fi wẹ ojú?

Omi tó mọ́, púpọ̀. Ẹ má fọwọ́ ra á, ẹ má fi kẹrosíìnì sí i, ẹ kọjú sí ibi tí atẹ́gùn ti ń fẹ́ wá.

Ṣé ìwọ́de tiẹ̀ ti mú nǹkan kan wá rí n'Ìbàdàn?

Ẹ bi àwọn baba wa. Láàárín 1968 sí 1969, àwọn àgbẹ̀ ní owó orí ti pọ̀ jù, wọ́n ní “òkè mẹ́fà la ó san,” ìyẹn ọgbọ̀n ṣílè. Àwọn ni Àgbẹ́kọ̀yà, tí Tàfá Adéoyè ṣáájú wọn. Wọ́n já ẹ̀wọ̀n Agodi, ẹ̀jẹ̀ ṣàn lápá ọ̀tún àti lápá òsì. Nígbẹ̀yìn, ìjọba gómìnà Adéyínká Adébáyọ̀ sọ owó orí di pọ́ùn 2, ìyẹn ogójì ṣílè. Ó ṣì ju òkè mẹ́fà lọ, àmọ́ wọ́n bù ú kù.

Àwọn tí kò padà sílé náà wà. Ní ọjọ́ kìíní oṣù kejì ọdún 1971, ìbọn ọlọ́pàá pa Kúnlé Adépéjú níbi ìwọ́de àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Yunifásítì Ìbàdàn. Orúkọ rẹ̀ ni wọ́n fi sọ ilé ẹgbẹ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ níbẹ̀. Ní 10 oṣù kẹwàá ọdún 2020, ìbọn ba Jimoh Isiaq ní Ògbómọ̀ṣọ́ nígbà ìwọ́de EndSARS, èyí tí wọ́n fi ní kí ìjọba tú SARS, ẹ̀ka ọlọ́pàá tó ń gbógun ti adigunjalè, ká. Ọjọ́ kejì ni ọ̀gá àgbà ọlọ́pàá tú SARS ká. Ẹ má ní kí n ṣírò èyí fún yín, mi ò mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe irú ìṣirò bẹ́ẹ̀.

Ní ti àdúgbò tiwa, ìwọ́de mẹ́ta la ṣe. Ìkíní, ẹnikẹ́ni ò jáde sí wa. Ìkejì, òjò tú wa ká. Ìkẹta ni akọ̀wé kan tó jáde wá, tó gba ìwé wa, tó sì fún wa ní oṣù mẹ́fà sí i. Inú oṣù mẹ́fà yẹn ni ìdílé mọ́kànlá fi rówó gba yàrá síbòmíràn.

Ilé ìyá yín yẹn ńkọ́?

Ó ṣì dúró. Wọ́n kó ẹrẹ̀ inú odò náà kúrò, wọn ò tíì padà wá bá a, wọn ò sì tíì kọ lẹ́tà pé àwọn ti fi í sílẹ̀. Ní Kérésì tó kọjá mo gbé kàlẹ́ńdà tuntun lọ fún Màmá. Ó yọ ti àtijọ́, ó wo X yẹn fún ìgbà díẹ̀, ó ní kí n bá òun na ìṣó náà mọ́ ibẹ̀ dáadáa.